Ta Ni Ó Ni Èdè Jámánì? Fíìmù Díẹ̀ Láti Àjọ̀dún Berlin

Ní ọjọ́ 24 oṣù Kejì, ọdún 2024, ìgbìmọ̀ onídàájọ́ tí Lupita Nyong'o ṣe alága rẹ̀ ní ìlú Berlin fi Béárì Oníwúrà dá Mati Diop lọ́lá nítorí fíìmù rẹ̀ Dahomey. Béárì yìí ni ẹ̀bùn tí ó ga jù lọ ní àjọ̀dún fíìmù tí gbogbo ayé mọ̀ sí Berlinale. Kíá ni ìròyìn náà tàn dé ọ̀dọ̀ wa, ó sì tọ́ bẹ́ẹ̀. Ìtàn àwọn ohun ìṣúra ààfin 26 tí àwọn ọmọ ogun Faransé kó ní Àgbómẹ̀ ní ọdún 1892, tí wọ́n sì padà wálé ní oṣù Kọkànlá ọdún 2021, ni fíìmù náà sọ. (Àwa ọmọ Kétu, tí ogun Àgbómẹ̀ fọ́ ìlú wa ní ọdún 1886, ní ọ̀rọ̀ tiwa láti sọ nípa ààfin náà, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí ìyẹn di ọjọ́ mìíràn.)

Ohun tí ìròyìn kò mú dé ọ̀dọ̀ wa ni àwọn fíìmù tí onílé fi ṣe àlejò. Ní ọdún kan náà, ní ibi kan náà, Matthias Glasner gba Béárì Onífàdákà fún ìtàn tí ó kọ fún fíìmù rẹ̀ Sterben, ìyẹn Kíkú: nǹkan bí wákàtí mẹ́ta lórí ìdílé kan tí bàbá ń gbàgbé ara rẹ̀ díẹ̀díẹ̀, tí ìyá ń ṣàìsàn, tí àwọn ọmọ kò sì ráyè wá wò wọ́n. Martin Gschlacht gba Béárì Onífàdákà mìíràn fún àwòrán tí ó yà nínú Des Teufels Bad, fíìmù àwọn ará Ọ́síríà nípa obìnrin abúlé kan ní ọ̀rúndún 18 tí ayé sú pátápátá. Andreas Dresen náà mú In Liebe, Eure Hilde wá, ìtàn Hilde Coppi, tí ó bí ọmọ rẹ̀ sínú ẹ̀wọ̀n àwọn Násì ní ọdún 1942, tí wọ́n sì bẹ́ ẹ lórí ní oṣù Kẹjọ ọdún 1943. Ọ̀nà Berlin sí Kútọnù a máa gba Paris kọjá. Ohun tí Paris kò bá gbé lé orí, kì í sábà dé ọ̀dọ̀ wa.

Bẹ́ẹ̀ sì ni ọ̀pọ̀ ọmọ wa, ní Bẹ̀nẹ̀ àti ní Tógò, ni ó ń kọ́ èdè Jámánì ní ilé-ẹ̀kọ́. Wọ́n kọ́ der, die, das títí ahọ́n fi bó, wọ́n yege ìdánwò, wọ́n sì pa ìwé náà dé láì tíì gbọ́ kí ènìyàn fi èdè yẹn jà, kí ó fi í bẹ̀bẹ̀, tàbí kí ó fi í parọ́ fún ìyá rẹ̀. Nítorí wọn ni mo ṣe kọ àpilẹ̀kọ yìí. Ọmọ tí ó ń sọ Yorùbá nílé, tí ó ń sọ Faransé ní kíláàsì, tí ó wá fi Jámánì lé e, yóò rí i pé ìbéèrè kan náà ni àwọn kan nínú àwọn fíìmù èdè Jámánì tí ó dára jù lọ láti nǹkan bí 20 ọdún sẹ́yìn ń bá fà: ta ni ó ni èdè? Ṣé ẹni tí a bí sínú rẹ̀ ni, àbí ẹni tí ó fi ẹnu ara rẹ̀ ṣe làálàá kí ó tó gbọ́ ọ?

Ìbéèrè náà kò ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Oṣù Kẹfà ọdún 1951 ni wọ́n kọ́kọ́ ṣe àjọ̀dún yìí, nígbà tí ogun ti fọ́ Berlin túútúú, tí àwọn orílẹ̀-èdè mẹ́rin tí ó ṣẹ́gun sì ti pín ìlú náà mọ́ ara wọn lọ́wọ́. Ọ̀kan nínú àwọn fíìmù tí ó gba Béárì Oníwúrà ní ọdún àkọ́kọ́ náà ni Die Vier im Jeep, tí Leopold Lindtberg darí, tí àwọn ará Switzerland sì náwó sí. Inú ìlú Vienna ni ìtàn náà ti ṣẹlẹ̀: ọmọ ogun mẹ́rin, ará Amẹ́ríkà, ará Rọ́ṣíà, ará Gẹ̀ẹ́sì àti ará Faransé, jókòó sínú ọkọ̀ jíìpù kan ṣoṣo, wọ́n ń ṣọ́ ìlú tí kì í ṣe ti ẹnì kankan nínú wọn. Onílé ni ó ń tọrọ ààyè lọ́wọ́ àlejò. Kò sí ọmọ Tógò tàbí ọmọ Bẹ̀nẹ̀ tí a óò ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣàlàyé irú ìjókòó bẹ́ẹ̀ fún.

Láti ọdún 1978 ni wọ́n ti gbé àjọ̀dún náà sí oṣù Kejì, nínú òtútù líle, ó sì pẹ́ tí àwọn ará ìlú fi ń tò láti ra tíkẹ́ẹ̀tì bí ẹni tó lọ́jà. Fassbinder gba Béárì Oníwúrà ní ọdún 1982, Reinhard Hauff gbà á ní 1986. Lẹ́yìn ìyẹn, ọdún 18 kọjá tí fíìmù Jámánì kankan kò tún fọwọ́ kan an. Ẹni tí ó wá já okùn náà ní ọdún 2004 ni Fatih Akin, ọmọ tí àwọn òbí tí ó wá láti Tọ́kì bí sí ìlú Hamburg. Gegen die Wand ni orúkọ fíìmù rẹ̀.

Ọkùnrin kan wà nínú rẹ̀ tí ń jẹ́ Cahit. Ó fi ọkọ̀ rẹ̀ gbá ògiri nítorí pé ayé ti sú u. Ní ilé ìwòsàn ni ọmọbìnrin kan, Sibel, ti rí i, tí ó sì bẹ̀ ẹ́ pé kí ó fẹ́ òun. Kì í ṣe ìfẹ́ ni ó fà á o. Àwọn òbí Sibel kò ní jẹ́ kí ó kúrò nílé àyàfi bí ọmọ Tọ́kì bíi tiwọn bá wá tọrọ rẹ̀. Cahit wọ aṣọ tí ó bójú mu, ó lọ sí ilé àna. Nígbà tí ó la ẹnu, èdè Tọ́kì rẹ̀ kò délé kò dóko. Ẹ̀gbọ́n ìyàwó bi í pé kí ni ó fi èdè rẹ̀ ṣe. Ó ní òun jù ú nù.

Mo mọ ilé púpọ̀ ní Àjàṣẹ́ tí wọn yóò ti rẹ́rìn-ín sí ibẹ̀ yẹn, tí ẹ̀rín náà yóò sì kú sí wọn lẹ́nu. Nígbà tí ó yá, Cahit dé Istanbul, ìlú tí ó yẹ kí ó jẹ́ ilé, ọ̀rọ̀ pàtàkì kan sì dé tí ó ní láti sọ fún ìbátan ìyàwó rẹ̀. Èdè Tọ́kì rẹ̀ kò gbé e; èdè Gẹ̀ẹ́sì ni ó fi sọ ọ́. Ọmọ Tọ́kì méjì, ní ìlú Tọ́kì, ń fi èdè ẹlòmíràn sọ ohun tí ó wà ní ìsàlẹ̀ ọkàn. Akin kò ṣàlàyé, kò sì kọrin arò sí i. Ó kàn jẹ́ kí a gbọ́ ọ. Fíìmù líle ni, ọtí àti ẹ̀jẹ̀ pọ̀ nínú rẹ̀, n kò sì ní sọ pé kí àwọn ọmọdé wò ó.

Ní ọdún 2020, Burhan Qurbani, ọmọ tí àwọn òbí tí ó wá láti Afganístánì bí sí Jámánì, ṣe ohun tí ẹlòmíràn ì bá bẹ̀rù. Ó mú Berlin Alexanderplatz, ìwé ìtàn Alfred Döblin tí ó jáde ní ọdún 1929, tí Fassbinder ti sọ di eré tẹlifíṣọ̀n alápá 14 ní 1980, ó sì sọ akọni rẹ̀ di ọmọ Gíní-Bìsáù. Francis ni orúkọ rẹ̀. Ó la òkun já, ó sì búra pé láti ọjọ́ náà lọ, ènìyàn rere ni òun yóò máa jẹ́. Welket Bungué, tí a bí ní Gíní-Bìsáù tí ó sì dàgbà ní ilẹ̀ Potogí, ni ó ṣe é, pẹ̀lú ohùn tútù kan tí kì í yára.

Ẹni tí ó ba ẹ̀jẹ́ yẹn jẹ́ ni Reinhold, oníṣòwò oògùn olóró tí ẹ̀yìn rẹ̀ tẹ̀, tí ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ sì ń dùn bí oyin. Albrecht Schuch ṣe é débi pé ara ẹni a máa rìn. Reinhold kò kọ́kọ́ fún Francis ní owó tàbí ìbọn. Orúkọ ni ó fún un. Ó ní láti òní lọ, Franz ni ìwọ. Ilé ni à ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ, àwa ni a sọ bẹ́ẹ̀; ilé ta ni Reinhold wò? Láti ìgbà tí ó ti gba orúkọ yẹn ni ọ̀nà ti ń lọ sí ìsàlẹ̀. Francis pàdánù apá kan, ó sì tún padà sọ́dọ̀ ẹni tí ó jẹ́ kí ó pàdánù apá náà. Nígbà kan ó dúró níwájú àwọn tí ó wá ibi ìsádi bíi tirẹ̀, ó ń fi aṣọ àti owó rẹ̀ fà wọ́n sínú òwò náà, ó sì ń sọ èdè Jámánì dáadáa bí ẹni tí ilẹ̀ náà jẹ́ tirẹ̀. Ibẹ̀ ni mo rò pé Qurbani ti fi òye ńlá hàn: ọjọ́ tí èdè náà wá dùn lẹ́nu àlejò tán ni ọjọ́ tí ó fi í tan àwọn ará rẹ̀ jẹ. Ẹjọ́ mi pẹ̀lú fíìmù náà kò ju ọ̀kan lọ. Ó ju wákàtí mẹ́ta lọ, síbẹ̀ a kò mọ ìyá Francis, a kò mọ ìlú rẹ̀, a kò mọ oúnjẹ tí ó fẹ́ràn. Bí ó ti jáde láti inú omi ni ìtàn rẹ̀ bẹ̀rẹ̀.

Èyí tí ó tẹ̀lé e yìí ni mo fẹ́ràn jù nínú gbogbo wọn, kò sì sí ìbọn nínú rẹ̀. Herr Bachmann und seine Klasse, tí Maria Speth darí, gba Béárì Onífàdákà ti ìgbìmọ̀ onídàájọ́ ní ọdún 2021, ọdún tí àrùn Kòfíìdì fi jẹ́ kí wọ́n pín Berlinale sí méjì, apá kan lórí ẹ̀rọ ní oṣù Kẹta, apá kejì ní gbangba ìta ní oṣù Kẹfà. Kì í ṣe eré àgbéléwò àròsọ. Kíláàsì gidi ni, tíṣà gidi, àwọn ọmọ gidi, ìṣẹ́jú 217. Ẹni tí ó bá gbọ́ iye yẹn yóò sá. Kí ó má sá.

Stadtallendorf ni orúkọ ìlú náà, ìlú kékeré kan ní ìpínlẹ̀ Hesse. Nígbà àwọn Násì, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń ṣe ohun abúgbàù, àwọn tí wọ́n kó lẹ́rú láti ilẹ̀ òkèèrè ni wọ́n sì fi ṣe é. Lẹ́yìn ogun, ilé-iṣẹ́ mìíràn gbalẹ̀ síbẹ̀, wọ́n sì ké sí òṣìṣẹ́ láti Tọ́kì, Ítálì àti Gíríìsì. Àwọn ọmọ àti ọmọ-ọmọ irú àwọn òṣìṣẹ́ bẹ́ẹ̀, pẹ̀lú àwọn tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé láti Bọ̀lìgéríà àti ibòmíràn, ni ó jókòó sí kíláàsì kẹfà Dieter Bachmann. Òmíràn nínú wọn ń sọ Jámánì bí omi. Òmíràn kò tíì lè sọ gbólóhùn kan tán. Bachmann fúnra rẹ̀ jẹ́ àgbàlagbà tí ìfẹ̀yìntì ti súnmọ́, tí ó ń dé fìlà òwú bí ọmọdé, tí ó sì ń fi gìtá kọ́ni.

Ìṣòro tí ó wà níbẹ̀ kì í pariwo. Ní ìparí kíláàsì kẹfà ni wọ́n máa ń pín àwọn ọmọ náà: èyí yóò lọ sí ilé-ẹ̀kọ́ tí ó ṣí ọ̀nà yunifásítì, èyí yóò lọ sí ti oníṣẹ́ ọwọ́. Ọmọ ọdún 12 tàbí 13, tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ èdè, ni wọn yóò fi èdè náà wọ̀n. Bachmann mọ̀ bẹ́ẹ̀. Ó ń fún wọn ní máàkì nítorí pé òfin sọ pé kí ó fún wọn, ṣùgbọ́n ó ń sọ fún wọn lójúkojú pé máàkì náà kò mọ irú ẹni tí wọ́n jẹ́. Bí ọmọ kan bá ń wá ọ̀rọ̀ tí kò rí, tíṣà yìí a dúró. A ó jókòó, a ó máa retí, kámẹ́rà náà a máa retí, ọmọ náà a sì fà á jáde lẹ́yìn-ọ̀-rẹyìn. Mo rò pé ìdí nìyẹn tí fíìmù náà fi gùn. Bí wọ́n bá gé e kúrú, ìdúró yẹn ni wọn ì bá gé kúrò.

N kò lè wò ó láì rántí pé ọ̀pọ̀ nínú àwọn àgbà wa, ní ayé àwọn Faransé àti lẹ́yìn wọn, ni wọ́n so ohun kan mọ́ lọ́rùn ní ilé-ẹ̀kọ́ nítorí pé wọ́n sọ èdè ìyá wọn. Bachmann ní tirẹ̀ a máa bi àwọn ọmọ rẹ̀ pé báwo ni wọ́n ṣe ń sọ nǹkan yìí nílé yín.

Ìyàtọ̀ ọ̀sán àti òru ni ó wà láàárín kíláàsì yẹn àti ti Das Lehrerzimmer, tí İlker Çatak gbé wá sí ìpín Panorama ní ọdún 2023, tí ó sì dé orí àwọn fíìmù márùn-ún tí wọ́n yàn fún ẹ̀bùn Oscar ti ilẹ̀ òkèèrè ní ọdún tí ó tẹ̀lé e. Owó ń sọnù ní ilé-ẹ̀kọ́ kan. Ọmọ tí wọ́n kọ́kọ́ fura sí, ọmọ tí ìdílé rẹ̀ wá láti Tọ́kì ni. Carla Nowak, tíṣà ìṣirò tí Leonie Benesch ṣe, bínú sí irú ìfura bẹ́ẹ̀, ó sì dẹ pàkúté tirẹ̀: ó fi owó sínú àpò aṣọ rẹ̀, ó sì fi kọ̀ǹpútà rẹ̀ sílẹ̀ kí ó máa ya àwòrán. Apá aṣọ kan ni ó hàn. Aṣọ náà jọ ti akọ̀wé ilé-ẹ̀kọ́, akọ̀wé náà sì ni ìyá ọmọ tí ó mọ ìṣirò jù ní kíláàsì Carla. Láti ibẹ̀ ni olúkúlùkù ti di olè lójú ẹnìkejì rẹ̀. Mi ò ní sọ bí ó ṣe parí.

Ohun kékeré kan wà níbẹ̀ tí ènìyàn lè fò. Ìdílé Carla wá láti Pólándì. Tíṣà ẹgbẹ́ rẹ̀ kan, tí òun náà ti ibẹ̀ wá, fi èdè Pólándì bá a sọ̀rọ̀. Carla ní kí ó jọ̀wọ́ sọ Jámánì. Kò sí ìjà, kò sí ìyànjú. Ó kàn ń bẹ̀rù pé kí àwọn yòókù má baà rò pé àwọn ń sọ ọ̀rọ̀ ìkọ̀kọ̀. Ọmọ Yorùbá tí ó bá ti ṣiṣẹ́ ní ọ́fíìsì ìjọba rí yóò mọ ojú tí Carla ṣe.

Bí a bá fẹ́ ẹ̀rín, Andreas Dresen ní i lọ́wọ́. Rabiye Kurnaz gegen George W. Bush, ti ọdún 2022, jẹ́ ìtàn tòótọ́ nípa ìyá kan ní Bremen tí wọ́n mú ọmọ rẹ̀ lọ sí Guantánamo, tí kò rí i títí di ọdún 2006. Meltem Kaptan, apanilẹ́rìn-ín tí ọ̀pọ̀ kò rò pé ó lè gbé irú ẹrù bẹ́ẹ̀, gba Béárì Onífàdákà fún un. Rabiye gbé oúnjẹ fún lọ́yà, ó wa ọkọ̀ rẹ̀ bí ẹni tí ń lé olè, ó ṣi èdè Jámánì sọ níwájú àwọn ènìyàn ńlá, kò sì sí ẹni tí kò gbọ́ ohun tí ó ń wí.

Ọ̀kan wà tí ó kàn wá ju gbogbo wọn lọ, ó sì dùn mí pé òun kọ́ ni ó dára jù. Ní ọdún 2023, Lars Kraume gbé Der vermessene Mensch wá sí Berlinale. Ọdún 1896 ni ó bẹ̀rẹ̀, ní Treptow ní Berlin, níbi tí wọ́n ti kó ènìyàn tí ó lé ní 100 jọ láti àwọn ilẹ̀ tí Jámánì gbà, títí kan Tógò, kí àwọn ará ìlú lè máa wò wọ́n. Akẹ́kọ̀ọ́ kan, Alexander Hoffmann, ń fi irin wọn orí àwọn Herero àti Nama. Ó pàdé Kezia Kambazembi, ògbufọ̀ wọn, tí Girley Charlene Jazama ọmọ Nàmíbíà ṣe. Nígbà tí ogun dé ní 1904, tí ọ̀gágun von Trotha sì pàṣẹ pé kí wọ́n pa àwọn Herero run, Hoffmann tẹ̀lé àwọn ọmọ ogun. Ó ní Kezia ni òun ń wá. Agbárí ni ó ń kó.

Ọ̀rọ̀ náà kì í ṣe àròsọ. Ní ọdún 2011, 2014 àti 2018 ni Jámánì dá agbárí àti egungun padà fún Nàmíbíà, ní 2021 ni ìjọba rẹ̀ sì pe ìpànìyàn náà ní orúkọ rẹ̀. Fíìmù tí ó gbé e síwájú àwọn ará Jámánì ṣe ohun tí ó yẹ. Ṣùgbọ́n ojú Hoffmann ni a fi ń wo ohun gbogbo. Ìbànújẹ́ rẹ̀ ni a ń tẹ̀lé, ìtìjú rẹ̀ ni a ń ṣọ́, Kezia sì di ohun tí a ń wá kiri nínú aṣálẹ̀. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ti sọ bẹ́ẹ̀ nígbà tí fíìmù náà jáde, mo sì gbà pẹ̀lú wọn. Obìnrin tí ó gbọ́ èdè méjèèjì, tí ó lè sọ ohun tí àwọn méjèèjì ń rò, òun ni ìtàn ì bá jókòó tì.

Potsdamer Platz, níbi tí wọ́n ti ń tẹ́ kápẹ́ẹ̀tì pupa àjọ̀dún náà láti ọdún 2000, kò jìnnà sí Wilhelmstraße rárá. Ẹsẹ̀ lè rìn ín. Ní Wilhelmstraße ni àwọn aṣojú ìjọba Yúróòpù ti jókòó láti oṣù Kọkànlá 1884 di oṣù Kejì 1885 láti fi òfin sí bí wọn yóò ṣe máa gba ilẹ̀ Áfíríkà. Ní oṣù Keje 1884, Nachtigal ti gba ìwé àdéhùn tirẹ̀ ní Togoville. Ọgbọ̀n ọdún ni ó fi wà bẹ́ẹ̀. Àwọn ìbátan wa Ifẹ̀ ní Atakpamé mọ Kamina, níbi tí àwọn ará Jámánì kọ́ ilé-iṣẹ́ rédíò sí, tí wọ́n sì ti ń bá Nauen lẹ́bàá Berlin sọ̀rọ̀ tààrà láìsí wáyà. Ní oṣù Kẹjọ 1914, nígbà tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé súnmọ́ tòsí, àwọn tí ó kọ́ ọ náà ni ó fi ọwọ́ ara wọn wó o. Ìkókó fíìmù kan nìyẹn: ilé tí wọ́n kọ́ sórí ilẹ̀ wa kí èdè Jámánì lè fò kọjá lórí wa lọ sílé. Kí ọmọ Atakpamé kan tí ó gbọ́ èdè náà kọ ọ́.

Fún ẹ̀yin tí ẹ fẹ́ bẹ̀rẹ̀ wíwò, ẹ fi Das Lehrerzimmer ṣáájú. Kò pé wákàtí méjì, èdè rẹ̀ mọ́ kedere, èdè tíṣà ni, ìyẹn tí ẹ ti mọ̀ láti kíláàsì. Ẹ kọ́kọ́ wò ó pẹ̀lú ìtumọ̀ Faransé ní ìsàlẹ̀ àwòrán, kí ẹ sì bo ìsàlẹ̀ náà nígbà kejì. Des Teufels Bad, ẹ jẹ́ kí ó pẹ́ díẹ̀: ìbànújẹ́ rẹ̀ wúwo, ìsọ̀rọ̀ abúlé Ọ́síríà sì jìnnà sí èyí tí ó wà nínú ìwé yín bí èdè Ifẹ̀ ti Atakpamé ṣe jìnnà sí ti Àjàṣẹ́. Ní ti Bachmann, ẹ fi ọjọ́ ìsinmi kan sílẹ̀ fún un, ẹ pe àwọn àbúrò yín jókòó, kí ẹ sì ti dáná kí ó tó bẹ̀rẹ̀.